Owó Kóòtù Ẹni Tó Ṣì Wà Nínú Ilé

Ọmọ mi àtàtà, ìyá mi kékeré,

Mo kí ọ púpọ̀. Ṣé dáadáa lo jí, ṣé ara ọkọ rẹ le, ṣé àwọn ọmọ ń jẹun, ṣé iṣẹ́ kò ni ọ́ lára jù? Ẹlẹ́dàá tó ń ṣọ́ ẹni tó sùn láì jí i, kó máa ṣọ́ ọ ní ìlú ńlá tó o wà yẹn. Kí ilẹ̀kùn tó o bá fọwọ́ kàn máa ṣí. Àdúrà ilẹ̀kùn yìí ni kó o ṣe àmín sí dáadáa, torí òun gan-an ló mú mi kọ̀wé.

Ohun tí mo ti fẹ́ sọ fún ọ láti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn, tí mo sì ń gbé mì bí itọ́, òun ni pé mi ò sí nínú ilé wa mọ́. Yàrá kan ni mo háyà lẹ́yìn ilé búrẹ́dì. Èkejì rẹ̀ ni pé mo ti pe bọ̀ọ̀dá mi lẹ́jọ́, àwọn tí ẹ̀yin ọmọ ń pè ní Bàbá Akunlé, pé kí kóòtù pín ilé bàbá wa sí méjì, kí wọ́n fún mi ní tèmi. Gbogbo ìgbà tó o bá pè, tó o ní kí n gbé fóònù fún Bàbá Akunlé, tí mo ní wọ́n jáde, kì í ṣe irọ́ pátápátá, torí wọ́n lè ti jáde lóòótọ́, èmi ni mi ò sí nílé láti mọ̀. Ariwo tó o sì máa ń gbọ́ lẹ́yìn mi, tí mo ní ọmọ aládùúgbò ló ń lu ilẹ̀kùn, àwọn tó ń po ìyẹ̀fun búrẹ́dì ni.

Jọ̀ọ́, má tíì bínú. Jókòó kó o kà á dé ìsàlẹ̀. Mo mọ̀ pé mo ka ìwé sẹ́kọ́ńdìrì parí, mo sì máa ń fi yangàn sí yín létí, àmọ́ ọ̀ràn yìí ti jẹ́ kí n rí i pé ibi tí ìwé mi parí sí, ibẹ̀ gan-an ni ti kóòtù ti bẹ̀rẹ̀.

O mọ̀ pé lẹ́yìn tí ìyá àgbà rẹ lọ, èmi ni mo jogún ẹ̀rọ ìránṣọ wọn, mo sì ń rán aṣọ nínú yàrá igun tí àwọn náà ti máa ń rán an, èyí tí fèrèsé rẹ̀ kọjú sí títì. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, bọ̀ọ̀dá mi ti ibi iṣẹ́ dé, ọ̀dà funfun wà nínú irun wọn, wọ́n dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n ní ṣé mi ò lè gbé ariwo yìí lọ síbòmíì ni. Mo ní ṣé ariwo yẹn ni àbí èmi fúnra mi? Wọ́n ní èyí tó bá wù mí nínú méjèèjì. Ibẹ̀ ni mo ti sọ ohun tí kò yẹ kí àbúrò sọ. Mo ní ẹni tó ń kun ilé gbogbo ayé, tí ògiri tiẹ̀ ń bó bí èèpo àlùbọ́sà. Wọ́n ní ẹni tó ń rán aṣọ fún gbogbo ayé, tí ìgbátí aṣọ tiẹ̀ ń tú. Mo wo ìgbátí mi, ó ń tú lóòótọ́, ìyẹn ló sì bí mi nínú jù. Mo kó aṣọ mi sínú báàgì, mo jáde. Ẹ̀rọ yẹn wúwo, mo fi sílẹ̀. Mo rò pé kí n tó dé orí títì, wọ́n á pè mí. Mo rìn díẹ̀díẹ̀. Mo tiẹ̀ bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, mo ń so okùn bàtà tí kò ní okùn. Wọn ò pè mí.

Ohun tí mi ò lè dá ara mi lóhùn látìgbà náà nìyí o: ṣé wọ́n lé mi ni, àbí èmi ni mo lọ? Nígbà tí inú bá ń bí mi, mo mọ̀ pé wọ́n lé mi. Bí ọkàn mi bá rọ̀, mi ò mọ̀ mọ́.

Yàrá tí mo wà kò burú. Ògiri tó wà níbi orí bẹ́ẹ̀dì mi, ẹ̀yìn ààrò búrẹ́dì ni, ó máa ń lọ́ wọ́ọ́rọ́ bí ẹ̀yìn tí wọ́n fi pọn ọmọ. Bí mo bá fara tì í lẹ́yìn oúnjẹ ọ̀sán báyìí, oorun á gbé mi, kì í sì í gbé mi lọ síbòmíì ju ilé wa lọ. Mi ò gba ẹnu ọ̀nà wọlé rí nínú àlá yẹn, mo kàn máa ń bá ara mi nínú yàrá igun ni. Oòrùn á ti gba ojú fèrèsé wọlé, eruku á máa fò lẹ́lẹ́ nínú ìmọ́lẹ̀ bí òwú tó já, ẹsẹ̀ mi á wà lórí pẹ́dà ẹ̀rọ, mo ń rán aṣọ kan tí kò nípẹ̀kun, ó ń ṣàn jáde lójú fèrèsé, ó ń gba orí títì lọ, àwọn èèyàn sì ń rọra gbé ẹsẹ̀ kọjá lórí rẹ̀. Bọ̀ọ̀dá mi á máa kun yàrá kejì, màá máa gbọ́ búrọ́ọ̀ṣì wọn, fẹ́ẹ́, fẹ́ẹ́, kò sí ẹni tó ń bá ẹnikẹ́ni jà. Bí mo bá jí, òórùn búrẹ́dì ni mo máa ń gbọ́. Màá wá jókòó, màá máa wo ọwọ́ mi, bí ẹni tó gbàgbé ohun kan síbì kan.

Nígbà tó pẹ́ tí wọn ò pè mí, mo gba lọ́yà. Ọmọbìnrin kan ni, kò jù ọ́ lọ, gìgísẹ̀ bàtà rẹ̀ ga débi pé bó bá ń ṣàlàyé òfin, ẹ̀rù ni kó má ṣubú ló máa ń bà mí, mi kì í sì í gbọ́ ìdajì rẹ̀. Ṣùgbọ́n mo gbọ́ èyí. Ó ní Mà, kí wọ́n tó gbọ́ ẹjọ́ pínpín ilé, ẹ máa kọ́kọ́ san owó kóòtù. Ó ní bí mo bá ṣì wà nínú ilé, tí èmi àti bọ̀ọ̀dá mi jọ dì í mú, owó kékeré kan báyìí ni, iye kan náà fún olówó àti tálákà. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá ti lé mi síta, tí mo ń bẹ kóòtù kó mú mi wọlé padà, wọ́n á díye lé ìpín mi bí ẹni fẹ́ tà á lọ́jà, wọ́n á sì gé owó kóòtù lára iye yẹn. Ọmọ mi, èyí tí wọ́n fẹ́ gé yẹn, bí mo bá rán aṣọ títí ojú mi fi fọ́, mi ò lè san án. Bí mi ò bá sì san án, wọ́n á da ẹjọ́ náà nù, ilé á lọ bẹ́ẹ̀, yàrá igun á lọ bẹ́ẹ̀.

Mo rò ó títí. Mo ní ìyẹn ni pé ẹni tí òjò ń pa ni wọ́n ní kó san owó agboòrùn tó pọ̀ jù, ẹni tó wà lábẹ́ òrùlé á san táṣẹ́rẹ́? Ó ní bí òfin ṣe rí nìyẹn. Mo ní ó dáa, kó kọ ọ́ pé mo wà nínú ilé. Ó ní ṣé ẹ wà níbẹ̀? Mo ní lójoojúmọ́, lẹ́yìn oúnjẹ ọ̀sán. Ó ti kọ ọ́ tán kó tó bi mí pé báwo. Nígbà tí mo ṣàlàyé àlá náà fún un, ó fi bírò lu eyín, ó ní Mà, àlá ò sí nínú òfin. Mo rò pé àánú mi ṣe é, ó ní àmọ́ ohun kan wà tó fara jọ ọ́. Ó ní nínú ilé àjùmọ̀ní, ẹni tó bá jókòó síbẹ̀, ó ń jókòó dípò gbogbo àwọn tó kù ni, àfi bó bá lé wọn ní gbangba. Ó ní bọ̀ọ̀dá yín wà níbẹ̀, nítorí náà ẹ̀yin náà wà níbẹ̀.

Ọ̀rọ̀ yìí wọ̀ mí lára ju bó ṣe yẹ lọ. Láti ọjọ́ náà, bí mo bá rí bọ̀ọ̀dá mi lọ́ọ̀ọ́kán tí wọ́n gbé àkàbà kọ́ èjìká tí wọ́n ń lọ sílé, màá sọ nínú ara mi pé èmi ni mò ń lọ sílé yẹn. Bí wọ́n bá jókòó sẹ́nu ọ̀nà tí atẹ́gùn ń fẹ́ sí wọn, ìdajì atẹ́gùn yẹn, tèmi ni. Bí wọ́n bá sùn lọ́sàn-án, ìdajì oorun náà, tèmi ni. Mo tiẹ̀ sọ fún Oníbúrẹ́dì tó háyà yàrá fún mi pé bóyá ìdí tí oorun fi ń kùn mí báyìí nìyẹn, pé bọ̀ọ̀dá mi ló ń sùn jù. Ó ní kí n bẹ̀ wọ́n kí wọ́n máa jẹun fún mi náà, kí owó oúnjẹ mi dínkù. Aláwàdà ni.

Mo wá lọ sí ọ́fíìsì tí wọ́n ti ń sanwó kóòtù. Kò sí ẹni tó ń gbowó níbẹ̀. Akọ̀wé kan jókòó sẹ́yìn gíláàsì, ó ní kọ̀ǹpútà ló ń gbà á, pé àwọn ò fọwọ́ kan owó mọ́. Ó na fọ́ọ̀mù sí mi. Wọ́n bi mí níbẹ̀ pé èló ni ilé náà. Mo kọ ọ́ pé kì í ṣe títà. Akọ̀wé dá a padà, ó ní kò sẹ́ni tó ní kí n tà á, iye rẹ̀ ni àwọn ń bèèrè. Mo pa á rẹ́, mo wá kọ ọ́ kúnnákúnná, pé ibẹ̀ ni wọ́n ti bí àwa méjèèjì, pé bàbá wa fọwọ́ ara wọn mọ igun tó kọjú sí kànga, pé ó wọ́ díẹ̀ àmọ́ kò wó, pé ìyá wa ti ojú fèrèsé yàrá igun mọ gbogbo ẹni tó ń gba títì kọjá, wọ́n sì ń dá wọn lóhùn láì gbé ẹsẹ̀ kúrò lórí pẹ́dà. Akọ̀wé kà á, ó yọ awò ojú rẹ̀, ó ní Ìyá, ó dùn o, àmọ́ nọ́ńbà nìkan ni kọ̀ǹpútà ń gbà níbẹ̀. Ọkùnrin tó tò sẹ́yìn mi ní kí n ṣáà kọ nọ́ńbà kan, kí àwọn tó ní ilé lè lọ sílé. Mo kọ ọ̀kan. Ilé kan ṣoṣo ni, ṣé irọ́ ni?

Ọ̀kan yẹn ló dá wàhálà sílẹ̀. Lọ́yà bọ̀ọ̀dá mi, bàbá kan tí ohùn rẹ̀ dà bí ìgbà tí wọ́n ń wọ́ tábìlì, rí i, ó ní mò ń fi kóòtù ṣeré. Ó ní mi ò sí nínú ilé, wọ́n ti lé mi jáde, kí n san owó tó bá iye ilé mu. Kóòtù bá rán ọkùnrin kan lọ díye lé e. Mo lọ dúró sí òdìkejì títì, mò ń wò ó. Ó ní nǹkan kékeré kan lọ́wọ́ tó ń ta iná pupa sára ògiri, tí nọ́ńbà á sì yọ. Mo yọ téèpù tí mo fi ń wọn aṣọ, mo bá a níbẹ̀, mo ní tó bá ń wọn ibi tí wọ́n ti máa gé e, kó má gbàgbé láti fi àyè sílẹ̀ fún ìránpọ̀, torí ohun téèyàn bá gé láì fi àyè sílẹ̀, kò ní ṣeé rán pọ̀ mọ́ láéláé. Ó ní ilé kì í ṣe aṣọ, Mà. Mo ní mo gbọ́.

Ṣùgbọ́n èèyàn dáadáa ni. Ó fi ilé wa hàn mí nínú fóònù rẹ̀, láti ojú sánmọ̀. Ọmọ mi, ó yà mí lẹ́nu. Mo rí òrùlé wa, ó rí bí ìdí ìkòkò tó ti dípẹtà. Mo rí kànga. Mo rí okùn tí wọ́n ń sá aṣọ sí, aṣọ mi búlúù wà lórí rẹ̀. Mo sì rí nǹkan dúdú kékeré kan lẹ́bàá kànga, tó tẹ̀ bí ẹni tó ń fọṣọ. Mo ní èmi nìyẹn. Ó ní ó lè jẹ́ garawa. Mo ní garawa wo ló ń tẹ̀ báyìí? Ó ní ó dáa, àmọ́ àwòrán àtijọ́ ni. Mi ò gbà á gbọ́, torí fóònù rẹ̀ tuntun ni, ọ̀rá rẹ̀ ò tíì kúrò lójú rẹ̀. Ara mi balẹ̀ lọ́jọ́ yẹn. Láti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn tí mo ti jáde, lójú sánmọ̀, mo ṣì ń fọṣọ mi lẹ́bàá kànga.

Ó wá di ọjọ́ ẹjọ́, ìyẹn ni àná. Fáànù kóòtù ń yí bí ẹni tó ń ronú, fèrèsé rẹ̀ ga, oòrùn ń já bọ́ sórí àwọn fáìlì. Bọ̀ọ̀dá mi jókòó sí ìkángun bẹ́ǹṣì kan náà tí mo jókòó sí. Àyè tó wà láàárín wa tó ẹnì kan jókòó, mo sì mọ ẹni náà, ìyá wa ni.

Gbọ́ ohun tó ṣẹlẹ̀, bóyá ìwọ tó o kàwé jù mí lọ, á yé ọ. Lọ́yà mi dìde, ó ní bọ̀ọ̀dá mi kò lé mi, pé ẹni jẹ́jẹ́ ni wọ́n, pé ilé ṣí sílẹ̀ fún mi, ẹ̀rọ mi ṣì wà níbẹ̀. Lọ́yà bọ̀ọ̀dá mi fò dìde, ó ní irọ́ ni, ẹni tí òun ń ṣojú fún lé mi, ó lé mi dáadáa, ó burú sí mi débi pé mi ò lè fẹsẹ̀ tẹ ibẹ̀ mọ́. Èmi tí mo ti ń bú bọ̀ọ̀dá mi fún Oníbúrẹ́dì láràárọ̀, ẹni tí mo sanwó fún ń yìn wọ́n. Bọ̀ọ̀dá mi tó ti ń sọ káàkiri àdúgbò pé àwọn ò lé ẹnikẹ́ni, ẹni tí wọ́n sanwó fún ń bú wọn lójú ara wọn. Mo wo bọ̀ọ̀dá mi. Wọ́n ti ń wò mí tẹ́lẹ̀.

Oorun gbé mi fẹ́ẹ́rẹ́ níbẹ̀, mi ò ní purọ́ fún ọ. Mo rí i tí lọ́yà méjèèjì di etí aṣọ kan mú, wọ́n ń fà á, aṣọ náà kò ya, ó kàn ń gùn sí i ni. Wọ́n wá fọwọ́ kàn mí pé adájọ́ ń pè mí.

Adájọ́ ní Mà, ẹ sọ fún wa, ṣé wọ́n lé yín ni, àbí ẹ̀yin lẹ lọ? Ìbéèrè tí mo ti ń bi ara mi náà ni. Mo ní Olúwa mi, mi ò mọ̀. Mo ní mo rìn díẹ̀díẹ̀. Mo ní mo so okùn bàtà. Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín. Mo ní kí wọ́n yẹ fóònù ọkùnrin tó wá díye lé ilé wò, pé mo ṣì wà lẹ́bàá kànga. Lọ́yà mi fi fáìlì bojú.

Adájọ́ bá kọjú sí bọ̀ọ̀dá mi, ó ní ṣé òótọ́ ni pé ẹ lé àbúrò yín? Lọ́yà wọn ń mi orí sí wọn, bẹ́ẹ̀ ni, bẹ́ẹ̀ ni. Ọ̀rọ̀ kan péré ni. Bí wọ́n bá ti ní bẹ́ẹ̀ ni, ẹjọ́ mi kú nìyẹn, odindi ilé di tiwọn. Bọ̀ọ̀dá mi dìde. Wọ́n wo èékánná wọn tí ọ̀dà wà. Wọ́n ní ariwo ẹ̀rọ yẹn ni àwọn ní kó gbé lọ, àwọn ò ní kó lọ. Wọ́n ní bí ẹ̀rọ yẹn bá ti ń dún, ó máa ń ṣe àwọn bíi pé ìyá àwọn ló wà nínú yàrá, àwọn á dìde, àwọn á lọ wò ó, kì í sì í ṣe ìyá àwọn. Adájọ́ ní ilẹ̀kùn yàrá náà ńkọ́, ṣé ẹ tì í? Wọ́n ní kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ ti sọnù látìgbà tí bàbá wa ti wà láyé, bó wu èèyàn láti tì í gan-an, kò ní lè tì í. Wọ́n ní àwọn máa ń kán epo sí ẹ̀rọ náà kó má bàa dípẹtà. Lọ́yà wọn fà wọ́n láṣọ. Wọ́n yíjú sí i, wọ́n ní fi mí sílẹ̀ jàre, ṣé èmi ni màá lé ọmọ ìyá mi?

Adájọ́ wá ní kò sí ẹni tó lé ẹnikẹ́ni, lójú òfin, inú ilé ni mo wà, kí n san owó kékeré. Ọ̀rọ̀ pínpín gan-an, ó sún un síwájú.

Nígbà tí a jáde, bọ̀ọ̀dá mi dúró lórí àtẹ̀gùn kóòtù, wọ́n ń wo bàtà mi. Wọ́n ní ṣé mo ti so okùn rẹ̀ tán? Mo ní ẹ rí mi lọ́jọ́ náà? Wọ́n ní ojú fèrèsé yàrá igun ni àwọn dúró sí. Mo ní ẹ ò pè mí. Wọ́n ní ìwọ náà ò wẹ̀yìn. Wọ́n gbé àkàbà wọn tí wọ́n fi ti ògiri kóòtù, wọ́n lọ síbi iṣẹ́.

Látàná ni ọ̀rọ̀ kan ti ń jẹ mí lọ́kàn. Mo ti sọ ọ́ níwájú kóòtù pé mo wà nínú ilé, wọ́n sì ti gba owó ẹni tó wà nínú ilé lọ́wọ́ mi. Bí mo bá ṣì ń sùn lẹ́yìn ààrò búrẹ́dì, ṣé kì í ṣe pé mo rẹ́ kóòtù jẹ nìyẹn? Mo bi lọ́yà mi, ó ní Mà, ẹ lọ sinmi. Mi ò rí ibi tí mo lè sinmi sí. Ní ti pínpín, mi ò tíì mọ ohun tí màá sọ bí wọ́n bá pè wá padà. Mo na téèpù mi sílẹ̀ lórí bẹ́ẹ̀dì lóòórọ̀ yìí, mò ń wá ibi tí wọ́n á ti gé e, mi ò rí i.

Owó kékeré yẹn ò sì fi bẹ́ẹ̀ kéré, Oníbúrẹ́dì ló yá mi. Bó bá wà lọ́wọ́ rẹ, bá mi fi ránṣẹ́, kó o fi díẹ̀ lé e fún bẹ́líìtì ẹ̀rọ, torí ti tẹ́lẹ̀ á ti gbẹ. Ṣùgbọ́n má fi í sínú fóònù lọ́sàn-án o, torí oorun ló máa ń gbé mi nígbà yẹn, kí owó má lọ dé kó má bá mi, kó sì padà sọ́dọ̀ rẹ. Àárọ̀ ló dáa.

Ẹlẹ́dàá á bùkún fún ọ. O ò ní jáde nílé kí wọ́n má mọ̀ pé o jáde. Ibi tó o bá kúrò, àyè rẹ ò ní tutù. Àwọn ọmọ rẹ ò ní fi ìbínú rìn jìnnà, bí wọ́n bá sì rìn, ẹnì kan á pè wọ́n. Bá mi kí ọkọ rẹ. Èmi ni ìyá rẹ, aránṣọ.

Lọ́la, bí oòrùn bá ti dé ojú fèrèsé yàrá igun, màá gbé báàgì mi lọ síbẹ̀. Mi ò ní kan ilẹ̀kùn, ẹni tó wà nínú ilé kì í kan ilẹ̀kùn. Màá jókòó sídìí ẹ̀rọ, màá gbé ẹsẹ̀ lé pẹ́dà, màá rán ìgbátí mi tó tú, jẹ́jẹ́, kó má pariwo jù, bí bọ̀ọ̀dá mi bá sì dìde wá wò ó bóyá ìyá wa ni, màá wẹ̀yìn.